Bàbá Mi, Ojú Kan Kò Tíì Tó

Bàbá mi, ẹ kú ilé o, ẹ kú ìtọ́jú ara. Màmá, mo kí yín. Mo kí Bọ̀dá Mùtíù náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé inú ṣì ń bí mi sí wọn.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ sọ ohun tó bàjẹ́. Awọ ti ń bo ojú yín méjèèjì láti ọdún tó kọjá, Màmá mọ̀. Ẹ ṣubú sínú gọ́tà nítòsí ilé wa l'Ẹ̀pẹ́; Bọ̀dá Mùtíù mọ̀, àwọn ni wọ́n fà yín jáde. Bí mo bá ní kí n rí yín lórí fóònù, wọ́n á ní nẹ́tíwọ́ọ̀kì ò dáa. Wọ́n ní ẹni tó wà lókè òkun kò gbọdọ̀ gbọ́ ohun tó máa dà á lọ́kàn rú. Ta ló ṣòfin yẹn?

Igbákejì yín nídìí eré sísá ní kọ́lẹ́ẹ̀jì n'Íkòròdú ló pè mí. Ó ní lọ́jọ́ tí ẹ ń yan àwọn tó máa sáré fún kọ́lẹ́ẹ̀jì, ọmọ Imota ló kọ́kọ́ kọjá ìlà, àmọ́ ọwọ́ ọmọ Ìbẹ̀ṣẹ̀ lẹ gbé sókè. Ọmọ Imota kúnlẹ̀, ó kí yín, ó lọ wọ bàtà rẹ̀. Gbogbo pápá rí i. Ta ló máa sọ fún Bàbá Kóòṣì lójú èèyàn pé wọn ò ríran, ẹ̀yin tí ẹ ti ń sáré láìwọ bàtà létí ọ̀sà nígbà tí Ẹ̀pẹ́ ò tíì ní pápá, tí ẹ wá fi ọjọ́ ayé yín kọ́ ọmọ ọlọ́mọ? Wọ́n ní ọ̀wọ̀ ni. Ọ̀wọ̀ tó fẹ́ fọ́ yín lójú.

Lọ́jọ́ náà, mo jókòó sínú mọ́tò mi níwájú ibi iṣẹ́ ní Kánádà níbí, yìnyín bo gíláàsì, kò sẹ́ni tí mo lè sọ ọ́ fún.

Ṣùgbọ́n ọpẹ́ ni f'Ọ́lọ́run, wọ́n ti ṣe iṣẹ́ abẹ ojú ọ̀tún, ó sì yọrí sí rere. Nígbà tí ẹ wò mí lórí fóònù lọ́jọ́ Sátidé, tí ẹ ní mo ti sanra, pé ṣé ìjókòó nìkan là ń ṣe ní Kánádà ni, mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Mo tún gbọ́ pé ẹ bẹ ọmọ Imota lójú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, ẹ sì dá ipò rẹ̀ padà fún un. Ara mi wálẹ̀.

Ó ku ojú òsì. Màmá ní ẹ ní ọ̀kan ti tó, ó di ìgbà tí ìdíje àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì bá parí. Dókítà ò sọ bẹ́ẹ̀. Ẹ̀yin lẹ máa ń pariwo mọ́ àwọn ọmọ pé ẹni tó bá dẹ ẹsẹ̀ kó tó kọjá ìlà, ẹlòmíì á gba iwájú rẹ̀.

Kí Ọlọ́run jẹ́ kí ẹ fi ojú méjèèjì rí àwọn ọmọ-ọmọ yín. Ẹ bá mi kí gbogbo ará ilé, àti igbákejì yín, ó ṣeun.

Mo ti bá ilé ìwòsàn ṣètò: Ọjọ́bọ̀ tó ń bọ̀, aago mẹ́sàn-án àárọ̀. Bọ̀dá Mùtíù á wá gbé yín. Ẹ pè mí kó tó di ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Ajé, kí ẹ sọ fún mi pé ẹ ń lọ. Bí n ò bá gbọ́ ohùn yín nígbà yẹn, màá wọ bàálù, màá wá mú yín lọ fúnra mi.

Èmi ni ọmọ yín,
Sikírátù