Ìyá Ọkọ Tí Kò Pa Ẹnikẹ́ni: Ìgbésí Ayé Alhaja Rọ̀kíbátù Àníọlá Ògúnlànà (1957–2025)

Ní ọdún 1957, ní Addo lẹ́bàá Ajah, ni Pa Yésúfù Àníọlá, apẹja ọmọ bíbí ilẹ̀ náà, àti aya rẹ̀ Sàbítíyù tó ń yan ẹja tà, bí ọmọbìnrin kan, wọ́n sì sọ ọ́ ní Rọ̀kíbátù. Òun ni àkọ́bí wọn. Kò tíì sí òpópónà márosẹ̀ kankan nígbà náà. Ọkọ̀ ojú omi ló ń gbé èèyàn lọ sí Èkó. Àwa ẹbí ń sọ èyí kí àwọn tó ra ilẹ̀ síbí lánàá má baà rò pé àjèjì ni màmá wa.

Màmá ka ìwé mẹ́fà, wọ́n sì parí Kùránì ní ilé-kéú. Ní ọdún 1978, wọ́n fẹ́ Ọ̀gbẹ́ni Tájù Ògúnlànà, káfíńtà, Ọlọ́run sì fi ọmọ mẹ́ta ta wọ́n lọ́rẹ.

Iṣẹ́ káfíńtà yìí ló gbé màmá dé ìdí eré. Ní ọdún 1983, bàbá ń kan pákó ìtàgé fún ẹgbẹ́ eléré kan tó ń ṣe eré fún tẹlifíṣọ̀n, màmá sì gbé oúnjẹ lọ bá wọn. Obìnrin tó yẹ kó ṣe alágbàtọ́ lọ́jọ́ náà kò yọjú. Wọ́n ní kí ìyàwó káfíńtà bá wọn dúró síbẹ̀. Láti ọjọ́ náà ni wọn kò ti kúrò níwájú kámẹ́rà mọ́. Aládùúgbò ni o, olùtọ́jú aláìsàn ni o, ẹ̀gbọ́n ìyàwó ni o. Wọn kò ṣe olórí eré rí, wọn kò sì bínú sí i.

Ní ọdún 1996, nínú sinimá àgbéléwò kan, wọ́n fún màmá ní ipa ìyá ọkọ tó fi májèlé sínú ọbẹ̀ ilá ìyàwó ọmọ rẹ̀. Ó dùn mọ́ aráyé. Bí wọ́n ṣe sọ màmá di ìyá ọkọ burúkú títí ayé nìyẹn. Ní ọjà Ajah, aláta kan gba ata padà lọ́wọ́ wọn, ó ní òun kì í tajà fún àjẹ́. Ọlọ́kadà sá fún wọn. Màmá á rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní iṣẹ́ àwọn ti dáa nìyẹn. Àwa náà á bá wọn rẹ́rìn-ín.

Bẹ́ẹ̀, obìnrin yìí kan náà ló ń wẹ òkú àwọn obìnrin ní mọ́sálásí wa, tí kì í gba nǹkan kan lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Òun náà ló jókòó ti Rẹ̀míláyọ̀, ìyàwó Kamaldeen àkọ́bí wọn, nígbà tó bímọ tí àìsàn dá a dùbúlẹ̀. Màmá ń wẹ ọmọ, wọ́n ń fọ aṣọ, wọ́n ń fi ṣíbí bu ẹ̀kọ sí i lẹ́nu. Rẹ̀míláyọ̀ wà níbí lónìí, ẹ bi í.

Ní ọdún 2016, Fàtíù, àbíkẹ́yìn wọn, mú Làtífátù wálé, ọmọ Alhaji Kàsímù ti Abraham Adésànyà Estate. A múra, a lọ mọ àwọn àna. Bí ìyá ọmọ ṣe fojú kan màmá lẹ́nu ọ̀nà báyìí, ó figbe ta: láéláé, òun ò ní fọmọ òun fún ẹni tó fi ọbẹ̀ ilá pa ìyàwó ọmọ rẹ̀! A rò pé ó ń ṣẹ̀fẹ̀ ni. Kò ṣẹ̀fẹ̀ o. Alhaji ní òun mọ̀ pé eré ni, àmọ́ ohun téèyàn bá ń ṣe fún ogún ọdún, ṣé kò ní wọ̀ ọ́ lẹ́jẹ̀ ni? Wọ́n ní ká ṣì máa lọ ná.

Màmá lọ bá Ọ̀gbẹ́ni Samson, olùdarí tó ti lò wọ́n jù. Wọ́n kúnlẹ̀ fún un, tọjọ́ orí tọjọ́ orí, pé kó fún àwọn ní ìyá ọkọ rere kan ṣoṣo, kí àna lè rí i. Ó gbà. Abúlé kan ní Ibeju-Lekki ni wọ́n ti ya á. Ìyá tó ń tọ́jú ìyàwó ọmọ rẹ̀ tó ń ṣàìsàn ni màmá ṣe, bí wọ́n sì ṣe ṣe fún Rẹ̀míláyọ̀ gan-an ni wọ́n ṣe é.

Ọjọ́ tí tẹlifíṣọ̀n fẹ́ gbé e jáde ní ọdún 2018, màmá pe Alhaji Kàsímù àti aya rẹ̀ wá sí pálọ̀ wa ní Addo. Wọ́n sè, wọ́n bù. Eré bẹ̀rẹ̀. Ìyá Làtífátù bẹ̀rẹ̀ sí í nu ojú. Alhaji pàápàá pe màmá ní àna òun. Inú wa dùn débi pé a ò mọ ìgbà tí eré fẹ́ parí. Lójijì, nínú eré náà, a rí obìnrin kan tó kẹ̀yìn sí kámẹ́rà, ìró màmá ló ró, gèlè màmá ló wé, ó ń fi ohùn tí kì í ṣe ti màmá jẹ́wọ́ pé òun lòun fi àìsàn ṣe ìyàwó ọmọ òun. Háà! Màmá dìde, wọ́n fi Kùránì búra pé àwọn kọ́. Alhaji ti mú fìlà rẹ̀. Nígbà tí a bi Samson, ó ní òun lòun fi obìnrin náà kún un, pé tí màmá bá dáa títí dópin, àwọn òǹwòran ò ní gbà.

Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, Làtífátù wọ ilé ọkọ mìíràn. Màmá kò ṣe eré mọ́.

Ní oṣù Kẹta ọdún 2025, lórí bẹ́ẹ̀dì ilé ìwòsàn, màmá di ọwọ́ Fàtíù mú, wọ́n ní kó foríji àwọn. Ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin èèyàn: ẹni tí kò ṣẹ̀ ló ń tọrọ àforíjì. Fàtíù dorí kodò, ó ń sunkún. Kí ó tó gbójú sókè, wọ́n ti lọ.

Màmá fi ọmọ mẹ́ta sáyé: Kamaldeen, Mọ́nsúrátù àti Fàtíù, ìyàwó ọmọ kan, Rẹ̀míláyọ̀, àti ọmọ-ọmọ mẹ́fà. Kò sí ti Fàtíù nínú wọn.

Ọ̀gbẹ́ni Samson ránṣẹ́ pé òun fẹ́ sọ̀rọ̀ ìyìn níbi àdúrà ọjọ́ kẹjọ yìí, àti pé kámẹ́rà òun ń bọ̀. A ti gbọ́. Kí kámẹ́rà dúró síta. A ti to àga Samson sẹ́gbẹ̀ẹ́ ti Alhaji Kàsímù. Tí ó bá ní ọ̀rọ̀ lẹ́nu, kó kọjú sí Alhaji, kó dárúkọ obìnrin tó gbé aṣọ ìyá wa wọ̀.

Kí Ọlọ́run fi Àlùjánńnà kẹ́ yín, Màmá. Ẹ ò ṣẹ̀ wá. Ẹ sùn re o.