Ìyá Wa Ti Rí Ìwé Rẹ

Ebenezer, àbúrò mi,

Mo kí ọ, mo kí ìyàwó wa àtàwọn ọmọ. Òtútù ibẹ̀ ńkọ́? Iṣu oko wa ní Èsìẹ́ ta dáadáa, ẹ̀jẹ̀ ríru Ìyá wa náà sì ti wálẹ̀.

Ohun tí mo fẹ́ sọ gan-an nìyí. Nígbà tí ìwé aláwòrán tí o ṣe fún àwọn ọmọdé nípa ìdílé wa dé, Ìyá wa ń ṣí i, wọ́n ń wí pé, "Ó mà dára o!" Wọ́n yin ojú ewé tí kò ní nǹkan kan nínú pẹ̀lú. Ibẹ̀ ni èmi dókítà ojú ti ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ pé wọn kò ríran mọ́. N kò sọ fún ọ, kí ọkàn rẹ má baà dàrú.

Dígí kékeré kan wà nínú ẹyinjú. Tiwọn ti funfun bí omi ògì. Ẹlẹgbẹ́ mi ní Ìlọrin ló yọ ọ́, tó fi tuntun rọ́pò. Èmi kò lè fi abẹ kan ojú ìyá tó bí mi. Lánàá ni a tú báńdéèjì. Mo gbé ìwé rẹ lé wọn lọ́wọ́. Wọ́n wò ó títí, wọ́n fajú ro.

"Janet, ta ló kọlà fún bàbá yín? Ojú bọ̀rọ́ ni ọkọ mi ní!"

Ìlà tí ayàwòrán rẹ fà sí ẹ̀rẹ̀kẹ́ Bàbá tẹ́ẹ́rẹ́ bí irun. Èmi àtìwọ kò kíyè sí i. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi.

Jọ̀wọ́, pa á rẹ́ kí o tó tún ìwé náà tẹ̀. Olúwa yóò máa ṣọ́ yín. Pè wá ní fídíò lọ́jọ́ Àìkú. Ìyá wa ní àwọn fẹ́ wò bóyá ò ń jẹun.

Èmi ni, ẹ̀gbọ́n rẹ,
Janet