Ìka Méjì Tí O Fi Tẹ Gbádéyan Láyà

Dúródọlá, àbúrò mi,

Mo kí ìyàwó rẹ, mo kí àwọn ọmọ. Orúnkún Màmá ti sàn díẹ̀. Wọ́n ti ń fẹsẹ̀ ara wọn rìn dé ṣọ́ọ̀ṣì.

Inú ń bí mi sí ọ. O rántí fíìmù àwọn ará Ṣáínà tí a wò ní Ìkìrun, tí ọ̀gá ìjà fi ìka méjì tẹ ọ̀tá rẹ̀ láyà, tí ìyẹn sì kú lẹ́yìn ọdún púpọ̀? Lọ́jọ́ kejì, o tẹ Gbádéyan ọ̀rẹ́ rẹ bẹ́ẹ̀, o ní, "Ọgbọ̀n ọdún ló kù fún ọ." Oṣù tó ń bọ̀ ló máa pé. Gbádéyan gbà pé òun máa kú, ó ti ti ṣọ́ọ̀bù télọ̀ rẹ̀ ní Ìnísà pa, kò sì lo oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru mọ́.

Mo sọ fún un pé eré ọmọdé ni. Ó ní, "Àǹtí, ṣé ẹ ò wò ó parí ni? Ẹni tó tẹ èèyàn nìkan ló lè tú u."

Nígbà tí mo pè ọ́, ẹ̀rín lo ń rín. Má fowó ránṣẹ́. Má pè é. Ó ní fóònù ò ní ìka. Gbé ìka méjèèjì wálé, kí o wá tú u.

Kí Ọlọ́run jẹ́ kí o bá a láyé.

Ẹ̀gbọ́n rẹ,
Motọ́láyọ̀