Bàbá Ẹ Ń Bọ̀, Bẹ́ẹ̀ Ni Mo Sọ

Ìwọ ọmọ yìí, má pariwo tó o bá délé tó ò bá mi. Èbúté àtijọ́ ni mo lọ. Mo fẹ́ bá àwọn àlejò tó ń wá wo ibẹ̀ rìn káàkiri títí di ọ̀sán.

Obìnrin amọ̀nà tó máa ń mú wọn rìn pè mí lórí fóònù láàárọ̀ yìí. Ó ní, "Màmá, ṣé ara Bàbá le? Ó ti tó oṣù méjì tí ẹnikẹ́ni ò já mi nírọ́." O kúkú mọ bàbá ẹ. Gbogbo Sátidé ni wọ́n ń tẹ̀ lé àwọn àlejò lẹ́yìn, tí wọ́n ń lọgun pé, "Kì í ṣe bẹ́ẹ̀! Ọwọ́ mi yìí ló so ọkọ̀ yẹn mọ́ òpó!" Mo ní wọ́n ń dójú tì mí. Wọ́n bẹ̀ mí títí kí n tẹ̀ lé wọn lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, mo ní orúnkún ń dùn mí.

Mi ò lè sọ fún amọ̀nà náà pé a ti sin bàbá ẹ. Ni mo bá ní wọ́n ń bọ̀. Mo ń lọ sọ òótọ́ fún un lójúkojú.

Oúnjẹ wà nínú ìkòkò, gbé e kaná. Má gbé bàtà iṣẹ́ wọn kúrò lẹ́nu ọ̀nà, mo ti sọ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì. Fìlà wọn wà lórí mi, má wá a kiri.

Ohun kan ló ń bà mí lẹ́rù. Tí amọ̀nà bá ṣi ìtàn sọ nídìí òpó yẹn lónìí, mi ò ní mọ̀. Mi ò jókòó gbọ́ ọ lẹ́nu bàbá ẹ parí rí.