Ọkùnrin Tó Fi Sùtánà Rú Àṣẹ Kọ́ọ̀tù

Màmá mi,

Bí adájọ́ bá ní kí ọkọ má ṣe sún mọ́ ilé ìyàwó rẹ̀ títí ẹjọ́ yóò fi parí, ta ni yóò bá ìyàwó di ilẹ̀kùn mú? Ìbéèrè yìí ni kò jẹ́ kí n sùn.

Philemon ọkọ mi tún wá lọ́jọ́ Ìsinmi, ó wọ sùtánà, ó gbé omi àdúrà lọ́wọ́. Lánàá, ní kọ́ọ̀tù Òkìtìpupa, wọ́n bi í léèrè ìdí tó fi rú àṣẹ.

Ó ní, "Olúwa mi, èmi kọ́. Ẹ̀mí ló rán mi."

Adájọ́ ní, "Ṣé Ẹ̀mí náà ló fọ́ ilẹ̀kùn?"

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Ni àwọn alàgbà ìjọ bá kúnlẹ̀: "Ọ̀rọ̀ tọkọtaya ni, sà." Adájọ́ kìlọ̀ fún Philemon, ó ní kó máa lọ. Àṣẹ tí orúnkún alàgbà lè tẹ̀ mọ́lẹ̀, ṣé àṣẹ náà nìyẹn? Jàǹdùkú aláṣọ funfun lásánlàsàn ni Philemon!

Ara mi le. Ẹ má wo bí ìwé yìí ṣe wọ́, ọwọ́ ọ̀tún mi ń sinmi láti ọjọ́ Ìsinmi náà ni. Aládùúgbò mi, Ìyá Charity, ló ń bá mi ro púpurú, òkèlè ẹ̀gẹ́ tí wọ́n ń jẹ níbí.

Ẹ bá mi kí gbogbo ará ilé ní Ṣakí. Àpótí aṣọ tí mo fi ń di ilẹ̀kùn mú ṣì wà lẹ́yìn rẹ̀. Ilẹ̀ ti mọ́. Mo ti pa fìtílà.

Ọmọ yín,
Janet