Ẹ̀jẹ̀ Tí Wọ́n Dá Padà fún Mi

Àkọ́bí mi ọ̀wọ́n,

Ṣé dáadáa lo wà? Ṣé ọ̀gá rẹ ò fi iṣẹ́ pa ọ́? Kí Ọlọ́run tó ń ṣọ́ ẹyẹ lórí ẹ̀ka máa ṣọ́ ọ nínú ariwo ìlú ńlá. Mo tètè sọ ọ́ kí àyà rẹ má bàa já: ìyá rẹ wà láàyè, àbúrò rẹ tuntun náà sì wà, ọkùnrin ni, ó ń ké bí ayùn tí kò mú.

Lẹ́yìn ìbímọ ni ẹ̀jẹ̀ ìyá rẹ kọ̀ tí kò dá. Dókítà ní omi inú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ló ti lọ tán, òun ló ń jẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ dì, kí n wá fún un ní tèmi. Fọ́ọ̀mù bi mí pé kí ni mo jẹ́ sí aláìsàn, mo kọ ọ́ gàdàgbà pé "ọkọ", torí nọ́ọ̀sì ti ń pè mí ní àbúrò rẹ̀.

Wọ́n so mí mọ́ ẹ̀rọ. Mo ń wo ẹ̀jẹ̀ mi bó ṣe ń lọ, àfi bí mo ṣe rí i tó tún ń padà bọ̀ sí apá mi. Ojú gbà mí tì. Ní ṣọ́ọ̀bù mi, ilẹ̀kùn tí oníbàárà bá dá padà, àbùkù ló ní. Mo ní n ò ní dìde, kí wọ́n tún un yẹ̀ wò, ọdún méjìdínlógún ni mo ti fẹ́ obìnrin yìí, ẹ̀jẹ̀ wa gbọ́dọ̀ bára mu.

Nọ́ọ̀sì rẹ́rìn-ín, ó nawọ́ sí àpò omi rúsúrúsú kan tí mo ti rò pé ìtọ̀ ẹlòmíràn ni. Ó ní omi inú ẹ̀jẹ̀ mi tí wọ́n ń fẹ́ nìyẹn, èyí tó pupa ni ẹ̀rọ ń dá padà fún mi; omi náà ló ń gbé oúnjẹ àti iyọ̀ kiri ara, tó sì ń kó ìdọ̀tí lọ. Ó ní yàrá wẹ́wẹ́ tí wọ́n ń pè ní sẹ́ẹ̀lì ló kún ara wa, awọ tó yí wọn ká ló ń pinnu ohun tó máa wọlé àti ohun tó máa jáde. Mo ní ilẹ̀kùn nìyẹn, igi wo ni? Ó ní ọ̀rá ni wọ́n fi ṣe é. Ogún ọdún tí mo ti ń kan ilẹ̀kùn, irin ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ nìkan ni mo ń fi òróró pa.

Wọ́n ní kí n lọ sinmi, mo kọ̀. Ibùsùn mẹ́fà ló wà níbẹ̀, wọ́n lè ṣèèṣì gbé omi mi fún ẹlòmíràn. Mo dúró ti àpò náà títí ó fi kán tán. Nígbà tó di ọ̀sán ọjọ́ kejì, ẹ̀jẹ̀ ti dá, ìyá rẹ lajú, mo sọ fún un pé omi mi wà lára rẹ̀. Ó ní òun ti fura, torí látìgbà tóun ti jí ló ti ń wu òun láti bá gbogbo ènìyàn jiyàn. Ìgbà yẹn ni mo tó jókòó, tí mo sunkún. Má sọ fún ẹnikẹ́ni.

Jọ̀ọ́, fi owó ẹyin ránṣẹ́ fún ìyá rẹ, wọ́n ní ó ń fún omi náà lágbára. Tèmi, omi lásán ni wọ́n ní kí n máa mu, ìyẹn ò gbówó.

Gbogbo sẹ́ẹ̀lì ara rẹ, kí ilẹ̀kùn wọn ṣí fún ire, kó tì gbọn-in mọ́ ibi. Má bẹ̀rù pé ọ̀rá ni, Ọlọ́run ló kàn án, kì í ṣe èmi.

Bàbá rẹ,
Olóríkunkun