Ẹsẹ̀ Ọkọ̀ Mẹ́rin fún Ọ̀nà Ayétòrò

Ìyá mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú ilé o. Ẹ kú ọyẹ́, ẹ kú ìrọ́jú, ẹ kú àbójútó gbogbo agbo ilé. Mo kúnlẹ̀ kí yín láti Agbonou níbí, lẹ́bàá ìlú Atakpamé. Mo kí bàbá wa kékeré, mo kí àwọn ìyàwó ilé, mo sì kí Káyọ̀dé àbúrò mi tí yóò ka lẹ́tà yìí sí yín létí. Kí ó rọra kà á o, kí ó má fo ibi tí mo ti dárúkọ rẹ̀. Mo fi lẹ́tà náà sí gbangba nítorí mo mọ̀ pé àwọn ọmọ wa pọ̀ lẹ́yìn odi tí wọ́n ń múra àtiwakọ̀ wálé, ohun tí ojú mi rí lórí ọ̀rọ̀ táyà sì lè ṣe ẹlòmíràn lóore.

Ara mi le. Iṣẹ́ búrẹ́dì ń lọ, ṣùgbọ́n ọyẹ́ ọdún yìí mú. Láàárọ̀, àwọn òkè tó yí Atakpamé ká kì í hàn, ìyẹ̀fun tí a pò kì í sì wú bọ̀rọ̀. Aṣọ la fi ń bò ó bí ọmọ tuntun. Bí búrẹ́dì bá jáde, mo máa ń kó o sínú ọkọ̀ kékeré mi lọ sí Datcha àti Kamina.

Ibi tí mo ti ń pín búrẹ́dì ni àárò ilé ti máa ń sọ mí jù. Àwọn obìnrin Ifẹ̀ ti Tógò níbí, kì í ṣe ti Ilé-Ifẹ̀, tó ń rà á máa ń bá ara wọn sọ̀rọ̀ lẹ́yìn mi, èdè wọn sì sún mọ́ tiwa tó bẹ́ẹ̀ tí ọkàn mi á fò sókè, tí n ó rò pé ará ilé kan ló ń pè mí. Bí mo bá yíjú padà, ọ̀rọ̀ náà á ti yà sí ọ̀nà mìíràn, èmi á sì tún di àlejò. Mo ti ń gbọ́ ọ báyìí o, mo tiẹ̀ ń fi í ná ọjà. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó ń pe Mosún bí ẹ ti ń pè é, tí ẹ máa ń fa ìparí rẹ̀ bí ẹni tó ń fa omi nínú kànga.

Ẹ ó máa retí kí n sọ ti ẹ̀gbọ́n yín, tí gbogbo yín nílé ń pè ní Ìyá Tógò. Àwọn ló mú mi wá síbí, àwọn ló kọ́ mi ní búrẹ́dì ṣíṣe, inú ilé wọn ni mo sì ń gbé. Mo sọ fún yín lórí fóònù pé ojú ń yọ wọ́n lẹ́nu, ẹ sì ní kí wọ́n máa fi omi tútù bọ́ ọ. Màámi, ọ̀rọ̀ náà ju omi tútù lọ. Àwọn fúnra wọn ń pariwo pé eruku ọyẹ́ ni, títí di ọjọ́ tí wọ́n ń wá ife omi tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn gan-an tí wọn kò rí i. Dókítà ojú sọ fún wa pé láti ẹ̀gbẹ́ ni ìríran wọn ti ń kú bọ̀ wá sí àárín. Pé oògùn tí òun kọ yóò fa ọwọ́ àìsàn náà sẹ́yìn díẹ̀, ṣùgbọ́n èyí tó ti lọ kò ní padà. Mo bi í pé títí di ìgbà wo. Ó ní òun kì í ṣe Ọlọ́run, ṣùgbọ́n bí ẹnìkan bá wà tí màmá fẹ́ rí, kí a má fi falẹ̀ rárá.

Láti ọjọ́ yẹn, orúkọ yín ni ẹ̀gbọ́n yín ń dá.

Ẹ mọ ìdí tí wọn kò fi wálé mọ́. Láti ìgbà tí táyà ọkọ̀ akérò tó gbé wọn ti bẹ́ lọ́nà Tohoun, níhà ibodè, tí ọkọ̀ náà sì yí gbirigbiri wọ igbó, ni wọ́n ti búra pé àwọn kò ní rin ọ̀nà jíjìn mọ́ láyé. Orúnkún yín náà kò sì gba kí ẹ máa bọ́ láti inú ọkọ̀ kan sínú òmíràn ní ibodè. Ìdí nìyẹn tí a fi ṣètò pé èmi ni n ó fi ọkọ̀ mi wá gbé yín. Mo ṣèlérí, ẹ kò rí mi. Káyọ̀dé fi ohùn ránṣẹ́ pé ẹ ti di ẹrù, ẹ sì ti tún un tú. Ó dùn mí wọra. Ẹsẹ̀ ọkọ̀ ló dá mi dúró.

Táyà méjì ti họ débi pé wáyà inú wọn ń yọjú, ihò kan lọ́nà Datcha sì ti tẹ ríìmù kan. Mo lè fi irú ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀ gbé búrẹ́dì. N kò lè fi gbé ìyá mi.

Mo lọ bá Koku tó ń ta ríìmù àti táyà tòkunbọ̀ létí títì. Fofo Koku ni gbogbo Agbonou ń pè é, bí àwa ṣe ń pe ènìyàn ní bọ̀dá, bó tilẹ̀ jẹ́ pé mo dàgbà jù ú lọ. Káyọ̀dé ti fi fọ́tò kan ránṣẹ́ sí mi kí n tó lọ, ti ọkọ̀ ọmọ aládùúgbò wa tó ti Kùtọnu dé, tí ríìmù rẹ̀ ń kọ mànà bí àwo tuntun. Ó ní kí n má wá dójú ti ilé wa o, pé ẹni tó ti òkè òkun dé kì í wọ bàtà onírọ́bà wọ̀lú. Mo rán an létí pé Tógò kì í ṣe òkè òkun. Ó ní ṣebí mo gba orí odò kọjá kí n tó débẹ̀.

Koku ní irú rẹ̀ gan-an: ríìmù aláwọ̀ fàdákà, ìwọ̀n mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, nígbà tó jẹ́ pé mẹ́rìnlá ni ọkọ̀ mi ń wọ̀. Ihò nọ́ọ̀tì rẹ̀ jẹ́ mẹ́rin bíi ti tèmi, ó sì wọlé. Koku ní bí nọ́ọ̀tì bá ti wọlé, ọ̀rọ̀ ti parí. Mo bẹ̀ ẹ́ kí ó jẹ́ kí n dán an wò kí n tó sanwó, ó sì gbà, nítorí oníbàárà búrẹ́dì mi ni.

Ẹ mọ̀ mí, ìwé mẹ́fà ni mo kà, ṣùgbọ́n ìṣirò kì í sá fún mi. Nọ́ńbà wà lára ilẹ̀kùn ọkọ̀ níbi tí awakọ̀ ń jókòó sí: 175/65, ríìmù 14. Koku fúnra rẹ̀ ló ṣàlàyé pé 175 ni fífẹ̀ táyà ní mìlímítà, àti pé gíga ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ jẹ́ ìdá márùndínláàdọ́rin nínú ọgọ́rùn-ún fífẹ̀ náà. Mo ṣírò rẹ̀: ẹ̀gbẹ́ òkè àti ti ìsàlẹ̀, mo sì fi ríìmù tí mo sọ di mìlímítà kún un. Táyà tèmi ga tó 583 láti ilẹ̀ dé orí. Èyí tó wà lára ríìmù fàdákà náà jẹ́ 195/60, ríìmù 15, gíga rẹ̀ sì tó 615. Ó ga ju tèmi lọ ní ohun tó lé ní ọgbọ̀n mìlímítà, ó sì fi ogún fẹ̀ jù ú lọ. Koku bú sẹ́rìn-ín. Ó ní ta ló ń wọn mìlímítà létí títì, pé àwa ará Nàìjíríà fẹ́ kí ọkọ̀ wọ bàtà gogoro, a sì tún fẹ́ fi rúlà wọn gìgísẹ̀ rẹ̀.

Lóòótọ́, nígbà tí ọkọ̀ ṣófo, ó dára lójú. Ṣùgbọ́n oníbúrẹ́dì ni mí. Ìyẹ̀fun tó gba inú páànù kí ó tó wú lè ṣàn sílẹ̀ nígbà tó bá wú tán. Mo bá gbé àpò ìyẹ̀fun méjì sí bọ́ọ̀tù ọkọ̀, pé ẹrù yín nìyẹn. Mo gbé ọ̀kan sórí ìjókòó ẹ̀yìn, pé ẹ̀yin nìyẹn. Ẹ̀gbọ́n yín tó jókòó lẹ́nu ọ̀nà bi mí pé kí ni mo ń ṣe. Mo ṣàlàyé. Wọ́n fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ títí: ṣé àbúrò àwọn ti wá di àpò ìyẹ̀fun, ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ pé ẹ̀kọ ló fi dàgbà, kì í ṣe búrẹ́dì. Wọ́n ní kí n gbé àpò kúrò, kí àwọn jókòó síbẹ̀, nítorí láti kékeré ni àwọn àti ẹ̀yin ti jọ ń wọ ìró kan náà. Wọ́n ní Datcha nìkan o, ibẹ̀ kò jìnnà. Ìyá Matíù, obìnrin Ifẹ̀ tó ń bá wa pò ìyẹ̀fun, jókòó síwájú lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ó sì ṣe àmì àgbélébùú kí n tó yí kọ́kọ́rọ́, bí ẹni pé n kò mọ ọkọ̀ wà.

A kò tíì kúrò ní Agbonou tán tí a fi gun gegele kan. Ẹ̀gbọ́n yín ló kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ojú wọn ń lọ, etí wọn ń mú sí i. Wọ́n ní kí n dúró, pé ẹsẹ̀ ọkọ̀ ń jẹ nǹkan. Mo ní n kò gbọ́ nǹkan kan. A gun gegele kejì, gbogbo wa gbọ́ ọ: hàràrà, táyà ń ha irin tó bò ó lórí, òórùn rọ́bà sì dé imú wa. Mo bojú wẹ̀yìn. Ẹ̀gbọ́n yín ti fi ọwọ́ méjèèjì di ìjókòó iwájú mú, wọn kò sì tú u sílẹ̀ títí a fi rọra padà dé ilé.

Mo ránṣẹ́ pe Koku, ó wá, ó wọ abẹ́ ọkọ̀. Ó ní kí òun fi òòlù lu etí irin náà wọnú, àyè yóò sì gba táyà. Mo bi í pé ṣé ẹsẹ̀ là ń gé nítorí bàtà. Mo ní kó tú ẹsẹ̀ kan kí n wò ó. Ihò àárín ríìmù náà fẹ̀ ju irin tó yẹ kó jókòó lé lọ, àlàfo yí i ká, nọ́ọ̀tì nìkan ló gbé e ró. Ìdí nìyẹn tí sítíárìn fi ń gbọ̀n lọ́wọ́ mi lójú ọ̀nà. Ríìmù náà tún ti táyà síta ju bó ti yẹ lọ. N kò bá Koku jà, òun náà kò bá mi jà. Ó ní bó bá jẹ́ ìyá òun ni, òun náà kò ní fi gbé e.

Ohun tó gba àkókò nìyẹn, Màámi. Ríìmù dúdú lásán ṣọ̀wọ́n níbí, nítorí ohun tó ń dán ni gbogbo ènìyàn ń béèrè. Koku ránṣẹ́ sí Lomé. Àwọn tó kọ́kọ́ dé ní ihò mẹ́rin, ṣùgbọ́n ihò náà jìnnà síra wọn díẹ̀ ju tèmi lọ. Ó ní bí òun bá fipá mú un, yóò wọlé. Mo ní ohun tí a fipá mú wọlé lónìí lè jáde lójú ọ̀nà lọ́la. A dá wọn padà. Àwọn kejì jókòó bí ìdérí lórí ìkòkò. Nọ́ńbà táyà wọn bá ti ẹnu ilẹ̀kùn mu. Mo tún wo nọ́ńbà mẹ́rin tí wọ́n máa ń tẹ̀ sára táyà, tó ń sọ ọ̀sẹ̀ àti ọdún tí wọ́n ṣe é. Ọ̀kan nínú wọn ti darúgbó. Ilà ojú rẹ̀ ṣì jìn dáadáa, ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ti ń sán bí gìgísẹ̀ ènìyàn nínú ọyẹ́. Mo ní kó pààrọ̀ rẹ̀. Gbogbo rẹ̀ kò tó ìdajì owó ti fàdákà. Káyọ̀dé, má bínú o, bàtà onírọ́bà ni.

Nígbà tí a dè wọ́n tán, mo bẹ ẹ̀gbọ́n yín kí wọ́n tún bá mi jókòó. Wọ́n kọ̀. Wọ́n ní àpò ìyẹ̀fun kò tíì tán nílé. Ìyá Matíù ló bi wọ́n pé ta ló ń yangàn níjọsí pé ìró kan náà ni àwọn àti àbúrò àwọn jọ ń wọ̀. Ni wọ́n bá wọlé. A gun gegele kìíní, a gun èkejì, a dé Datcha, a padà. N kò gbọ́ ìró kankan àfi ti orin ìjọ tí Ìyá Matíù ń kọ lábẹ́ ètè. Sítíárìn dúró jẹ́ẹ́.

A dé àgbàlá. Èmi sọ̀kalẹ̀, Ìyá Matíù sọ̀kalẹ̀. Mo ṣí ilẹ̀kùn fún ẹ̀gbọ́n yín, mo na ọwọ́ sí wọn, wọn kò dì í mú. Mo rò pé kò tíì yé wọn pé a ti délé. Wọ́n bi mí bóyá ọ̀nà tí mo fẹ́ gbà yóò kan Kétu. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, Kétu, Ìlárá, Ìmẹ̀kọ, kí a tó kan Ayétòrò. Wọ́n ní bí ẹ bá wá síbí, àwọn yóò rí yín, ẹ̀yin nìkan. Wọ́n ní àwọn fẹ́ rí ilé tí wọ́n bí àwọn sí. Àwọn fẹ́ rí ojú oórì ìyá tó bí ẹ̀yin méjèèjì. Àwọn fẹ́ rí yín níbi tí àwọn ti máa ń rí yín lójú àlá, kí òkùnkùn tó dé. Ìyá Matíù bi wọ́n pé ìbúra ńkọ́. Wọ́n ní ẹni tó búra nígbà yẹn ti lọ, kí ó lọ wá a.

Inú ọkọ̀ náà ni mo gbé oúnjẹ bá wọn lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn. Wọn kò fẹ́ sọ̀kalẹ̀.

Nítorí náà, ẹrù tí ẹ ti tú, ẹ má dì í mọ́. Àwa là ń bọ̀. Lọ́jọ́ Ajé tó ń bọ̀, bí Ọlọ́run bá fẹ́, a ó gbéra ní kùtùkùtù. Bí ìrọ̀lẹ́ bá ká wa mọ́ ọ̀nà, Kétu la ó sùn, nítorí n kò fẹ́ kí wọ́n wọ Ayétòrò lásìkò tí ojú wọn kò ní rí nǹkan. Ọ̀sán ni kí ẹ máa retí wa.

Káyọ̀dé ní ẹ ti ra ọ̀dà tí ẹ fẹ́ fi kun iwájú ilé. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ dá a dúró. Ògiri pupa yẹn ni wọ́n mọ̀. Ẹ jẹ́ kí ohun gbogbo wà bó ṣe wà.

Ẹ̀bẹ̀ kan ló kù. Nígbà tí ọkọ̀ bá dúró, mo mọ̀ pé gbogbo ilé yóò tú jáde, wọn ó sì yí wa ká. Ẹ bá mi ní kí wọ́n sún sẹ́yìn díẹ̀. Ẹ má ti ẹ̀gbẹ́ wá dì mọ́ ẹ̀gbọ́n yín, wọn kò ní rí yín. Iwájú nìkan ló ṣẹ́kù fún wọn. Ẹ wá síwájú wọn gan-an, nínú oòrùn, kí ẹ dúró, kí ẹ sì jẹ́ kí wọ́n wò yín tẹ́rùn kí ẹnikẹ́ni tó sọ̀rọ̀.

Ọlọ́run yóò ṣọ́ yín fún wa, yóò ṣọ́ wa fún yín. Ilé kò ní ṣófo kí a tó dé, ọ̀nà kò ní nà wá. Ẹ bá mi kí bàbá wa kékeré, ẹ kí àwọn ìyàwó ilé àtàwọn ọmọ wọn, ẹ kí gbogbo ẹni tó bá béèrè mi. Ẹ̀gbọ́n yín ní kí n má bá àwọn kí yín. Wọ́n ní àwọn yóò fi ẹnu ara wọn kí yín.

Èmi ni ọmọ yín,
Mosúnmọ́lá